Mo lọ kọ́ ọ̀rọ̀ sísọ ní Bódìjà: ohun tí mo rí fún ₦35,000 mi

Ọ̀pọ̀ nínú àwa alága ìdúró àti alága ìjókòó n'Íbàdàn ló ti ń bi mí pé kíláàsì ọ̀rọ̀ sísọ tí mo lọ yẹn, ṣó dáa àbí kò dáa, ṣé káwọn náà lọ sanwó. Mo ti ń dá wọn lóhùn lọ́kọ̀ọ̀kan látọjọ́ yìí lórí WhatsApp, ó ti sú mi, ẹ jẹ́ kí n kúkú kọ gbogbo ẹ̀ síbí kó di ẹ̀ẹ̀kan. Mi ò ní dárúkọ ibẹ̀ o. Ohun tó dùn mọ́ mi níbẹ̀ pọ̀, ohun tó dùn mí náà wà, ẹni tó bá ṣì fẹ́ lọ lẹ́yìn tó bá kà á tán kó pè mí ní kọ̀rọ̀.

Iṣẹ́ alága ni mo ń ṣe, ó ti lé lọ́dún mọ́kànlá báyìí. Ẹnu loko wa. Mo wá rí i pé àwọn ọmọdé tó ń bọ̀ lẹ́yìn ń di máíkì mú bí ẹni tí wọ́n kọ́ ní iléèwé, èmi sì rèé, ohun tí mo kọ́ lọ́wọ́ ọ̀gá mi tí mo ń gbé báàgì tẹ̀lé kiri nígbà yẹn náà ni mo ṣì ń lò, mo ní kí n lọ wo ohun tí wọ́n ń kọ́ wọn níbẹ̀.

Ọjọ́rú mẹ́fà ni, aago mẹ́rin ìrọ̀lẹ́ sí aago méje, èyí bá mi lára mu torí Sátidé kì í ṣe tèmi. Òkè pẹ̀tẹ́ẹ̀sì ni, àga dáa, fáànù ń fẹ́, wọ́n ń fún wa ní míìtìpáì àti mínírà. Tí NEPA bá mú iná lọ, jẹnẹrétọ̀ wọn máa ń tètè dáhùn ṣùgbọ́n abẹ́ fèrèsé ni wọ́n gbé e sí, ohùn tíṣà ò ní dé ẹ̀yìn mọ́, kí wọ́n jọ̀ọ́ gbé e kúrò níbẹ̀. Àwa méjìdínlógún la jọ wà níbẹ̀, pásítọ̀ méjì, àáfà kan, lọ́yà tó ṣẹ̀ṣẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀, àwọn tó ń ta ilẹ̀, àwọn ọmọ yunifásítì, obìnrin kan tó fẹ́ du káńsílọ̀.

Ọ̀sẹ̀ mẹ́rin àkọ́kọ́, ti àwọn òyìnbó ni, ìyẹn Gíríìsì àti Róòmù. Ọkùnrin tó kọ́ wa mọṣẹ́, mi ò ní purọ́ mọ́ ọn. Kò bẹ̀rẹ̀ látorí béèyàn ṣe ń dúró tàbí béèyàn ṣe ń wojú èrò, ẹjọ́ ilẹ̀ ló ti bẹ̀rẹ̀. Ó ní ní nǹkan bí 2,500 ọdún sẹ́yìn, ìlú kan wà ní erékùṣù Sicily tó ń jẹ́ Syracuse, àwọn aráàlú lé àwọn aláṣẹ aninilára kúrò, làwọn tí wọ́n ti gba ilẹ̀ wọn bá ń wá gbà á padà, ẹjọ́ wá pọ̀, kò sì sí lọ́yà bíi tòde òní, oníkálukú ló máa fẹnu ara ẹ̀ rojọ́. Wọ́n ní ibẹ̀ ni ọkùnrin kan tó ń jẹ́ Corax àti Tisias ọmọ ẹ̀yìn ẹ̀ ti bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ àwọn èèyàn béèyàn ṣe ń to ọ̀rọ̀ tí ẹjọ́ ẹ̀ á fi járe. Ará Ìbàdàn wo lẹ máa sọ ìyẹn fún tí kò ní yé? Gbogbo wa la mọ ohun tí ẹjọ́ ilẹ̀ ń sọ èèyàn dà. Àtìgbà tó ti sọ bẹ́ẹ̀ ni mi ò ti gbé fóònù mi jáde mọ́.

Ó wá kan Aristotle, ọlọ́gbọ́n ilẹ̀ Gíríìsì tó kú ní ọdún 322 kí wọ́n tó bí Jésù. Ohun mẹ́ta ló ní ó ń jẹ́ kí wọ́n gba ọ̀rọ̀ ẹni gbọ́: irú èèyàn tí wọ́n rí pé o jẹ́ bó o ṣe ń sọ̀rọ̀, ibi tó o gbé ọkàn àwọn tó ń gbọ́ lọ, àti làákàyè tó wà nínú ọ̀rọ̀ fúnra ẹ̀. Ó tún pín ọ̀rọ̀ àwùjọ sí ọ̀nà mẹ́ta, ti kóòtù tó ń wo ohun tó ti ṣẹlẹ̀, ti ìgbìmọ̀ ìlú tó ń wo ohun tá a máa ṣe lọ́la, àti ti òde ayẹyẹ, ibi tí wọ́n ti ń yin èèyàn tàbí tí wọ́n ti ń bẹnu àtẹ́ lù ú. Mo ní hẹn-ẹ́n, tiwa nìyẹn. Inú mi dùn pé ẹni tó kú láti ayébáyé mọ̀ pé iṣẹ́ ni iṣẹ́ wa, torí àwọn ẹbí mi kan ṣì rò pé ariwo la ń lọ pa lóde.

Èyí tó tó owó tí mo san lójú mi ni ti ọ̀sẹ̀ kẹta. Cicero ará Róòmù ló sọ ìtàn ẹ̀, pé akéwì kan tó ń jẹ́ Simonides lọ síbi àsè, wọ́n pè é síta, bó ṣe jáde ni òrùlé wó pa gbogbo àwọn tó wà nínú ilé, ó fọ́ wọn débi pé àwọn ẹbí ò dá òkú ẹni wọn mọ̀, òun ló fi ibi tí oníkálukú jókòó sí rántí wọn lọ́kọ̀ọ̀kan. Ni wọ́n bá fi kọ́gbọ́n pé tó o bá fẹ́ rántí ọ̀rọ̀ gígùn, mú ilé kan tó o mọ̀ dáadáa, kó ọ̀rọ̀ ẹ sí yàrá kọ̀ọ̀kan, kó o wá máa rìn nínú ẹ̀ bó o ṣe ń sọ̀rọ̀. Ilé bàbá mi ní Bẹẹrẹ ni mo lò. Lẹ́tà ìtọrọ ìyàwó wà lẹ́nu ọ̀nà, ìdọ̀bálẹ̀ ọkọ àtàwọn ọ̀rẹ́ ẹ̀ wà ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ẹrù ìyàwó wà ní pálọ̀, obì, orógbó, ataare, oyin wà ní yàrá ìyá àgbà, àdúrà àwọn òbí wà ní ẹ̀yìnkùlé lábẹ́ igi ọsàn. Àtìgbà yẹn mi ò gbé bébà dání mọ́ lóde. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ti ń ṣiṣẹ́ yìí pẹ́, ẹ dán an wò.

Ibi tó ti wá dùn mí nìyí. Wọ́n ní ìwé máàkì kan níbẹ̀, wọ́n sì ń fi aago fóònù ka ìṣẹ́jú mọ́ èèyàn lórí. Gbólóhùn àkọ́kọ́ tó o bá sọ gbọ́dọ̀ jẹ́ ohun tó o bá wá gan-an. Tó o bá dákẹ́ ju sẹ́kọ́ńdì mẹ́ta lọ, máàkì ti lọ nìyẹn. Òwe kò gbọ́dọ̀ ju ẹyọ kan, kó o sì túmọ̀ ẹ̀ lójú ẹsẹ̀. Mo nawọ́, mo ní ọ̀gá, tí mo bá dúró níwájú bàbá ẹni ọgọ́rin ọdún tí mo pòwe tí mo tún ń túmọ̀ ẹ̀ fún un, ṣé mi ò ti bú u báyẹn? Ó fi ọ̀wọ̀ dá mi lóhùn, ó ní "Mà, àwọn èèyàn ìsinsìnyí ò ní sùúrù, ẹ sọ ojú abẹ níkòó." Mo gbà. Torí mo sanwó wá kọ́ ohun tí mi ò mọ̀, kí n má wá jókòó síbẹ̀ máa bá wọn jiyàn.

Sátidé tó tẹ̀lé e ni mo bá ìdílé ọkọ kan lọ sí mọ̀-mí-n-mọ̀-ọ́ l'Ápáta. Àwọn ìdílé yìí fẹ́ bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n sún ọjọ́ ìgbéyàwó síwájú oṣù mẹ́ta torí owó tí wọ́n ń retí kò tíì wọlé. Lójoojúmọ́ ayé mi, mo mọ bí mo ṣe máa ṣe é. Máa kí bàbá, máa kí ìyá, máa yin ilé, máa yin ọmọ tá a wá tọrọ, máa wá bẹ̀rẹ̀ sí í rìn yí ọ̀rọ̀ náà po títí àwọn fúnra wọn á fi bi mí pé ṣé kò sí o. Lọ́jọ́ yẹn, mo ṣe é bí wọ́n ṣe kọ́ mi. Mo kúnlẹ̀, mo kí wọn, mo ní ohun tá a bá wá ni pé ká sún ọjọ́ síwájú torí owó ọwọ́ ọkọ ò tíì pé.

Ilé pa lọ́lọ́. Bàbá ìyàwó ò sọ nǹkan kan, ó kàn gbé fìlà ẹ̀ kúrò lórí ó gbé e lé orúnkún. Bàbá ọkọ ń wolẹ̀. Ọ̀rọ̀ mi yé gbogbo èèyàn o, kò sẹ́ni tó ní òun ò gbọ́ ohun tí mo sọ, ohun tí mo sọ gan-an ló yé wọn yékéyéké, ìyẹn ni pé mo ti gbé àìní ẹnìkan sójú àwọn tí wọ́n jọ fẹ́ di àna, níwájú àwọn ọmọ kéékèèké àti ẹni tó ń ya fọ́tò. Ìyá àgbà kan tó jókòó sí kọ́nà ló yọ wá. Ó ní "Oúnjẹ ti ń tutù o, ẹ jẹ́ ká jẹun ná," ó wá mú àwọn bàbá méjèèjì wọ yàrá lọ. Ìgbà tí wọ́n jáde, ọ̀rọ̀ ti parí. Títí dòní mi ò mọ ohun tí ìyá yẹn sọ nínú yàrá. Mi ò sùn dáadáa lọ́jọ́ náà.

Mi ò ní kíláàsì ló bà á jẹ́. Èmi ni mo gbé irinṣẹ́ lọ síbi tí kò ti bá a mu. Ṣùgbọ́n kò sẹ́ni tó sọ fún wa pé ohun tá a ń kọ́ yẹn níbi tó ti wá, pé inú kóòtù àti ibi ìdìbò ni wọ́n ti rọ ọ́. Wọ́n kọ́ wa bí ẹni pé bí ọmọ ènìyàn ṣe yẹ kó máa sọ̀rọ̀ níbi gbogbo nìyẹn.

Ọ̀sẹ̀ karùn-ún ni mo tó mọ̀. Ẹlòmíì ló kọ́ wa lọ́jọ́ yẹn, màmá kan tó ti lé lẹ́ni ọgọ́ta ọdún, tó gbé Jàpáàn fún ìgbà pípẹ́, ohùn wọn rọlẹ̀, wọn ò lo máíkì, gbogbo wa la sún mọ́ iwájú kúrò lẹ́yìn fúnra wa. Wọ́n kọ orúkọ méjì sójú pátákó, Demosthenes àti Han Fei. Wọ́n ní kí ló pa àwọn méjèèjì pọ̀? A ò mọ̀ ọ́n. Wọ́n ní kò sí nínú àwọn méjèèjì tí ẹnu ẹ̀ já geere nígbà tó ń dàgbà.

Demosthenes, ará Athens ní Gíríìsì, ohùn ẹ̀ ò lágbára, ahọ́n ẹ̀ sì ń kọ́. Wọ́n ní ó kó òkúta wẹ́wẹ́ sẹ́nu ó ń sọ̀rọ̀, ó ń gun òkè tòun tọ̀rọ̀ lẹ́nu, ó ń dúró létí òkun kó lè borí ariwo ìgbì, títí ẹnu ẹ̀ fi là. Wọ́n bi í pé kí ló ṣe pàtàkì jù nínú ọ̀rọ̀ sísọ, ó ní bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ jáde ni, wọ́n ní kí ló tẹ̀lé e, ó ní bí wọ́n ṣe ń sọ ọ́ jáde náà ni, wọ́n bi í lẹ́ẹ̀kẹta, ohun kan náà ló tún wí. Han Fei ní tiẹ̀, ọmọ ọba ni nílẹ̀ Han ní Ṣáínà, akólòlò ni. Kò kó òkúta kankan sẹ́nu. Ó jókòó ó kọ̀wé. Ó kọ ọ̀rọ̀ kan lórí ìṣòro tó wà nínú ká yí èèyàn lọ́kàn padà, ó ní ìṣòro ibẹ̀ kì í ṣe pé a ò mọ ohun tá a fẹ́ sọ, kì í sì í ṣe pé a ò lẹ́nu láti sọ ọ́, ìṣòro ẹ̀ ni ká mọ inú ẹni tá à ń bá sọ̀rọ̀, ká wá jẹ́ kí ọ̀rọ̀ wa bá inú yẹn mu. Ó ní dírágọ́nì, ẹranko inú ìtàn wọn, ṣeé tù lójú, kódà ó ṣeé gùn, ṣùgbọ́n ìpẹ́ kan wà lábẹ́ ọ̀fun ẹ̀ tó hù sódì, ó gùn tó ẹsẹ̀ bàtà kan, ẹni tọ́wọ́ ẹ̀ bá kan ibẹ̀, ó kú. Ó ní àwọn ọba náà nírú ìpẹ́ yẹn.

Ẹ̀yin èèyàn, Àpáta ló sọ sí mi lọ́kàn. Fìlà tí bàbá yẹn gbé lé orúnkún ni mò ń rí. Ìpẹ́ yẹn lọwọ́ mi kàn.

Májèlé ló pa àwọn méjèèjì o. Demosthenes gbé e mu ní ọdún 322 kí wọ́n tó bí Jésù nígbà táwọn ọmọ ogun Makedóníà ń lé e, Han Fei kú sẹ́wọ̀n nílẹ̀ Qin, ilẹ̀ ọba mìíràn ní Ṣáínà, ní ọdún 233 kí wọ́n tó bí Jésù. Ẹni tó mọ ìṣòro ibẹ̀ tó báyẹn tó sì kọ ọ́ sílẹ̀, òun náà ò bọ́ níbẹ̀. Mo ṣì ń ronú lórí ìyẹn.

Màmá wá bi wá pé kí ló fà á tí ẹnìkan fi lọ kọ́ ahọ́n ẹ̀ tí èkejì fi lọ ń ka inú ọba. Èsì wọn ni mo rò pé ó yẹ kí wọ́n fi bẹ̀rẹ̀ kíláàsì yìí láti ọjọ́ kìíní. Wọ́n ní l'Áthens, orí òkè kan níta gbangba lo ti ń bá ẹgbẹẹgbẹ̀rún ọkùnrin sọ̀rọ̀, ọ̀pọ̀ nínú wọn lo ò mọ̀ rí, wọ́n á nawọ́ sókè dìbò, tí ìdajì bá gbà tó ṣẹ́ ẹyọ kan lé, o ti borí, ẹni tí kò gbà á lọ fara mọ́ ọn. Ohùn tó dé ẹ̀yìn, ọ̀rọ̀ tó ṣe tààrà, òun ló máa ṣiṣẹ́ níbẹ̀. Níwájú ọba Ṣáínà kò sí ìdajì. Ẹnìkan ṣoṣo ni. Ó mọ̀ ẹ́, ó mọ bàbá ẹ, ọwọ́ ẹ̀ ni orí ẹ wà, tó o bá sì jàjàbọ́ lónìí, ọ̀dọ̀ ẹ̀ náà lo máa padà wá lọ́la.

Ibẹ̀ ni nǹkan ti yé mi. Nínú ilé ìyàwó, kò sí ìdìbò. Tí èèyàn mọ́kàndínlógún bá gbà tí bàbá ìyàwó ò gbà, a ò tíì ṣe nǹkan kan. Àti pé àwọn tí mò ń bá sọ̀rọ̀ yẹn, títí ayé ni wọ́n fi máa jẹ́ àna, ẹni tí mo bá borí lónìí á wà níbi ìkómọjáde lọ́dún tó ń bọ̀.

Wọ́n sọ ti Confucius, ọlọ́gbọ́n Ṣáínà tó gbé ayé láti 551 sí 479 kí wọ́n tó bí Jésù. Ó ní tí ẹni tó yẹ ká bá sọ̀rọ̀ bá wà tá ò bá a sọ ọ́, a ti sọ èèyàn nù, tí a bá sì bá ẹni tí kò yẹ sọ ọ́, a ti sọ ọ̀rọ̀ nù, ọlọ́gbọ́n kì í sọ èyíkéyìí nù nínú méjèèjì. Mo kọ èyí sẹ́yìn ìwé mi. Wọ́n ní ó tún máa ń fura sí ẹlẹ́nu dídùn, ó ní ìwà rere ò fi bẹ́ẹ̀ wọ́pọ̀ lára wọn. Wọ́n sọ ti Laozi, ọlọ́gbọ́n Ṣáínà mìíràn, pẹ̀lú, pé ẹni tó mọ̀ kì í sọ, ẹni tó ń sọ kò mọ̀, èyí ò bá mi lára mu tó ti Confucius torí ọ̀rọ̀ ni mò ń jẹ.

Ti Jàpáàn ló wúlò fún iṣẹ́ wa jù. Wọ́n ní nemawashi, látinú iṣẹ́ àwọn tó ń gbin igi ló ti wá. Tí wọ́n bá fẹ́ gbé igi ńlá lọ síbòmíì, wọn kì í kàn hú u, wọ́n á kọ́kọ́ gbẹ́ yí gbòǹgbò ẹ̀ po díẹ̀díẹ̀ kó lè mọ̀ pé òun ń lọ. Bẹ́ẹ̀ náà ni wọ́n ń ṣe ọ̀rọ̀ ní ibiṣẹ́, kí ìpàdé tó bẹ̀rẹ̀ wọ́n á ti lọ bá oníkálukú sọ̀rọ̀ ní kọ̀rọ̀, ìpàdé fúnra ẹ̀ kàn ń fọwọ́ sí ohun tí wọ́n ti fẹnu kò lé lórí ni. Ìyá àgbà Àpáta mọ ìyẹn láìlọ Jàpáàn.

Màmá kìlọ̀ fún wa dáadáa pé ká má lọ máa sọ pé àwọn Ìlà Oòrùn ń dákẹ́, àwọn Ìwọ̀ Oòrùn ń sọ̀rọ̀. Wọ́n ní irọ́ ni. Lásìkò tí àwọn ìlú Ṣáínà ń bá ara wọn jagun, àwọn sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ kún ibẹ̀ tó ń lọ láti ààfin kan sí òmíì, ẹnu ni wọ́n fi ń jẹun. L'Áthens náà, Plato, ọlọ́gbọ́n ibẹ̀, ò fẹ́ràn àwọn olùkọ́ ọ̀rọ̀ sísọ rárá, ó fi iṣẹ́ wọn wé iṣẹ́ alásè tó mọ ohun tó dùn lẹ́nu tí kò mọ ohun tó ń wo ara sàn. Quintilian ará Róòmù sì gba ọ̀rọ̀ Cato, ará Róòmù tó ti wà ṣáájú ẹ̀, mú, pé ẹni rere tó mọ ọ̀rọ̀ sọ ni sọ̀rọ̀sọ̀rọ̀ tòótọ́. Nígbà tí mo gbọ́ ìyẹn, mo ní lọ́kàn mi pé ọmọlúàbí ni bàbá yìí ń wá o.

Wọ́n sáré kọjá lórí Íńdíà, ó dùn mí. Àwọn ọlọ́gbọ́n tí wọ́n ń pè ní Nyaya níbẹ̀, wọ́n ní bí wọ́n ṣe ń to àríyànjiyàn sí ìpele márùn-ún, àpẹẹrẹ wọn ni pé iná wà lórí òkè yẹn, torí èéfín wà níbẹ̀, ibi tí èéfín bá wà iná wà níbẹ̀ bíi ti ilé ìdáná, òkè yẹn náà ní èéfín, torí náà iná wà níbẹ̀. Ẹ wo bí wọ́n ṣe lọ mú ilé ìdáná wá sínú ọ̀rọ̀. Àpẹẹrẹ tí gbogbo èèyàn mọ̀ gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀ kí ọ̀rọ̀ tó pé, mo fẹ́ràn ìyẹn gan-an. Wọ́n tún pín àríyànjiyàn sí mẹ́ta, èyí tí wọ́n fi ń wá òótọ́, èyí tí wọ́n fi ń wá bí wọ́n á ṣe borí, àti èyí tó jẹ́ pé ẹni tó ń ṣe é ò ní ọ̀rọ̀ tiẹ̀ lọ́wọ́, ó kàn fẹ́ ba ti ẹnìkejì jẹ́ ni. Ohun tí mo rí kọ nípa gbogbo Íńdíà ò kún ojú ewé kan. Ṣáínà, Íńdíà, Jàpáàn nínú wákàtí mẹ́ta, tí ti Gíríìsì àti Róòmù gba ọ̀sẹ̀ mẹ́rin, kò tọ́.

Àáfà tó wà nínú wa béèrè ìbéèrè tó dáa jù lọ́jọ́ yẹn. Wọ́n ní àwọn Lárúbáwá ńkọ́, ṣé Ìlà Oòrùn ni wọ́n kà wọ́n sí ni àbí Ìwọ̀ Oòrùn, torí àwọn náà kọ́ balágà nílé kéú, ìmọ̀ bí ọ̀rọ̀ ṣe ń dùn tó sì ń dé ibi tó yẹ. Màmá rẹ́rìn-ín, wọ́n ní Ibn Rushd, onímọ̀ mùsùlùmí tó kú ní 1198, ṣàlàyé ìwé ọ̀rọ̀ sísọ Aristotle ní èdè Lárúbáwá. Wọ́n ní ìlà tá a fà sáàárín àwọn méjèèjì yẹn, èèyàn ló fà á.

Kò wá sẹ́ni tó mẹ́nu ba Yorùbá. Nínú ọ̀sẹ̀ mẹ́fà. N'Íbàdàn. Màmá sọ fún wa pé ní 1976, ará Amẹ́ríkà kan, Edward T. Hall, kọ ọ́ pé àwọn kan wà tó jẹ́ pé púpọ̀ nínú ọ̀rọ̀ wọn ló wà nínú ohun tí wọ́n ti jọ mọ̀ tẹ́lẹ̀, kì í ṣe nínú ohun tí wọ́n fẹnu sọ, ó ní Jàpáàn àti Ṣáínà wà nínú wọn, pé àwọn bí ará Jámánì ní tiwọn ń sọ gbogbo ẹ̀ síta. Mo ń gbọ́ ọ, mo ń mi orí, ààbọ̀ ọ̀rọ̀ là ń sọ fún ọmọlúàbí, tó bá dénú ẹ̀ á di odindi, ọmọ wo la ò kọ́ nìyẹn? Adégòkè Adélabú, olóṣèlú Ìbàdàn tó kú ní 1958, ó sọ pé "peculiar mess" ní ilé ìgbìmọ̀, èdè òyìnbó tó le, àwọn aráàlú tí kò gbọ́ òyìnbó gbé e délé wọ́n sọ ọ́ di pẹnkẹlẹ́mẹ́ẹ̀sì, a ṣì ń sọ ọ́ títí dòní. Ṣé èyí ò tó àpẹẹrẹ láti fi kọ́ èèyàn pé ẹni tó ń gbọ́ ń bá ẹni tó ń sọ parí ọ̀rọ̀ ni? Mápó tí wọ́n ti ń pèrò jọ láyé ìgbà yẹn ò jìnnà sí ibi tá a ti ń kọ́ ti Athens. Èyí ni ẹ̀dùn ọkàn mi tó tóbi jù lórí owó mi.

Ọ̀sẹ̀ kẹfà ni ìdánwò, ìṣẹ́jú márùn-ún márùn-ún. Mo sọ̀rọ̀ lórí bí wọ́n ṣe ń gba ọmọ lọ́wọ́ ìyá ẹ̀ lọ́jọ́ ìgbéyàwó. Nígbà tí mo dé ibi tí ìyá ti ń dágbére fún ọmọ, mo dákẹ́. Mo mọ̀ pé wọ́n ń ka sẹ́kọ́ńdì o, mo ṣì dákẹ́, torí lóde, ibẹ̀ ni omi máa ń bọ́ lójú èèyàn, tí alága bá ń sọ̀rọ̀ nígbà yẹn ó ti gba omijé lójú onítọ̀hún. Wọ́n yọ máàkì márùn-ún. Mo lọ bá tíṣà lẹ́yìn kíláàsì, mo sọ ti Àpáta fún un láti ìbẹ̀rẹ̀ dópin, kò já lu ọ̀rọ̀ mi. Ó ní òun máa mú ìyẹn dé ọ̀dọ̀ àwọn ọ̀gá òun. Ọmọlúàbí ni, ìwé máàkì yẹn ni ò dáa.

Oṣù tó kọjá, irú ọ̀rọ̀ yẹn tún bọ́ sí mi lọ́wọ́, ní Mọ́níyà. Ìdílé ọkọ ò lè ra gbogbo ohun tó wà nínú líìsì. Ọjọ́bọ̀ ni mo ti lọ, èmi nìkan, mo lọ kí àǹtí bàbá ìyàwó nílé wọn, mo bá wọn ṣa ẹ̀fọ́, a sọ̀rọ̀ nípa orúnkún tó ń dùn wọ́n àti owó gáàrí, ìgbà tí mo fẹ́ dìde ni mo ní "Ìyá mi, ẹ bá wa tọ́jú ilé o, àwọn ọmọ yín ń bọ̀ ní Sátidé, ọwọ́ wọn ò kún tó bí ọkàn wọn ṣe kún." Wọ́n wò mí. Wọ́n ní "Mo ti gbọ́." Lọ́jọ́ Sátidé, kò sẹ́ni tó ka líìsì sókè. Èmi wá ráàyè lo gbogbo ohun tí mo kọ́ lọ́dọ̀ tíṣà, mo rìn láti ẹnu ọ̀nà Bẹẹrẹ dé ìdí igi ọsàn láìwo bébà, ohùn mi dé ẹ̀yìn kánópì, ọ̀rọ̀ mi já gaara.

Torí náà tẹ́ ẹ bá bi mí, ₦35,000 yẹn ò pọ̀ jù fún lọ́yà, fún ẹni tó fẹ́ du ipò, fún ẹni tó ń ta ilẹ̀ fún ẹni tí kò mọ̀ rí, kí wọ́n lọ, wọn ò ní kábàámọ̀. Alága, ẹni tó ń bá wọn parí ìjà nílé, ẹni tó ń bẹ̀bẹ̀ fún ẹlòmíì, ẹ lọ fún ti ọ̀sẹ̀ kẹta àti ìkarùn-ún, kẹ́ ẹ sì bi wọ́n ṣáájú kẹ́ ẹ tó sanwó bóyá màmá yẹn ń bọ̀, torí wọ́n sọ fún wa pé kì í ṣe gbogbo sẹ́ẹ̀tì ni wọ́n máa ń pè wọ́n. Tí wọn ò bá ní wá, ẹ dúró de sẹ́ẹ̀tì mìíràn.

Mo gba nọ́ńbà wọn kí n tó kúrò níbẹ̀. Mo pè wọ́n lọ́sẹ̀ tó kọjá, mo bẹ̀ wọ́n pé kí wọ́n wá kọ́ àwa alága nìkan, Ọjọ́rú méjì, ọ̀kan fún Íńdíà àti Ṣáínà, èkejì ká jọ kó òwe tiwa sílẹ̀ ká wo ibi tó ti bá tiwọn pàdé. Wọ́n ní tí àwa mẹ́wàá bá pé, àwọn á wá, ibikíbi tó bá ti ní àga tí kò sì sí jẹnẹrétọ̀ lábẹ́ fèrèsé. A ti di mẹ́fà.